Egbére Tó Ń Fi Ẹsẹ̀ Màmá Kẹ́mi Rìn

Wọ́n pa iná yàrá náà, wọ́n tan àwòrán sára ògiri, Ọmọ́kẹ́mi sì sún síwájú lórí àga. Egbére tó jáde síta kì í ṣe egbére tirẹ̀. Èyí tí òun yà, tó fi ọ̀pọ̀ oṣù yà títí ojú fi ń dùn ún, ẹ̀dá kúkúrú kan ni, tó ti rẹ̀ tẹnutẹnu, tí omijé ń dà lójú rẹ̀, tó gbé ẹní sí abíyá bí ẹni tí kò ríbi sọ ọ́ kalẹ̀ sí. Èyí tí wọ́n gbé jáde yìí ní eyín gígùn bíi ti ajá. Wọ́n ti gba ẹní lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n gbé àpò wúrà kọ́ ọ léjìká. Omijé ti di itọ́. Egbére wá ń datọ́!

Wọn kò fi ìrìn rẹ̀ sílẹ̀ náà. Orúnkún ọ̀tún tí kì í ká dáadáa, wọ́n jẹ́ kó le gbandi bí igi ìgbálẹ̀. Ìbàdí tó máa ń fì díẹ̀ sí apá òsì, wọ́n jẹ́ kó máa fì débi pé ó ń gbá àwọn igi ẹ̀bá ọ̀nà ṣubú. Ọwọ́ tó fi máa ń di ẹ̀gbẹ́ mú tó bá fẹ́ gun òkè, wọ́n gbé e lọ sẹ́yìn, sí ìdí gan-an, wọ́n wá fi ariwo sí i. Gbogbo ìgbà tí egbére bá gbẹ́sẹ̀ ló ń só.

Jesse, òyìnbó tó kówó sílẹ̀ fún fíìmù náà, ń rẹ́rìn-ín débi pé ó ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú. Ó ní àwọn ọmọdé tí àwọn fi hàn ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá fẹ́rẹ̀ẹ́ kú sẹ́rìn-ín nígbà tí wọ́n rí ìrìn yẹn. Ó ní ìrìn náà ló dùn jù nínú gbogbo fíìmù. Ó na ọwọ́ kó lè bọ Ọmọ́kẹ́mi lọ́wọ́, ó ní ó kú iṣẹ́.

Ọmọ́kẹ́mi kò bọ̀ ọ́ lọ́wọ́. Ìyá rẹ̀ ló ń rìn lára ògiri yẹn.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí ọ̀rọ̀ ṣe bẹ̀rẹ̀. Ilé iṣẹ́ wọn wà ní Beltsville, nínú ilé ìkẹ́rùsí ńlá kan tí wọ́n pín sí wẹ́wẹ́, tí àwọn tó ń ta táyà wà lápá kan, tí àwọn tó ń ta ẹja dídì wà lápá kejì. Babáwálé ló ni ín, ọmọ Ìbàdàn tó ti pẹ́ ní Maryland, ní Amẹ́ríkà, tó ń wọ kóòtù lójoojúmọ́ bí ẹni tó ń lọ gbéyàwó. Ṣọ́ọ̀ṣì Mẹ́tọ́díìsì kan náà ní Lanham ni òun, Ọmọ́kẹ́mi àti ìyá Ọmọ́kẹ́mi jọ ń lọ. Iṣẹ́ Ọmọ́kẹ́mi ni láti ya àwọn ẹ̀dá inú àlọ́ àti ìtàn àtijọ́, iwin, ẹbọra, àwọn olórí méjì inú igbó, kó fún wọn ní egungun àti awọ lórí kọ̀ǹpútà, kí àwọn yòókù lè mú kí wọ́n máa rìn, kí wọ́n máa sọ̀rọ̀.

Ọ̀dọ̀ ìyá àgbà rẹ̀ ní Ọ̀yọ́ ló ti gbọ́ ti egbére. Gbogbo wa la mọ̀ pé egbére kì í yé sunkún, pé ẹni tó bá rí ẹní rẹ̀ gbà yóò di olówó. Ṣùgbọ́n ìyá àgbà kì í sọ tirẹ̀ bí àwọn tó kù ṣe ń sọ ọ́. Ó ní egbére kò ṣe ẹnikẹ́ni ní ibi. Ó ní gbogbo ẹni tó bá pàdé rẹ̀, ẹní yẹn ni ojú wọn máa ń lọ, kò sí ẹnì kan tó dúró bi í pé kí ló ń pa á lẹ́kún. Láti kékeré ni ọ̀rọ̀ yìí ti wọ Ọmọ́kẹ́mi lára, òun náà ló sì fi ya ojú egbére rẹ̀.

Nígbà tó wá ku ìrìn, kò wá a jìnnà. Ọláídé ìyá rẹ̀, nọ́ọ̀sì ni, iṣẹ́ alẹ́ ló fi tọ́ ọ láti ìgbà tí bàbá rẹ̀ ti kú, iṣẹ́ alẹ́ náà ló fi ra ilé tí wọ́n ń gbé ní Fairwood. Ó ti gbé aláìsàn tó sanra jù ú lọ, ó ti yí wọn padà lórí bẹ́ẹ̀dì lóru títí, orúnkún rẹ̀ wá sọ pé òun ò ṣe mọ́. Tó bá ti ibi iṣẹ́ dé láàárọ̀, tó gbé báàgì sí abíyá, tó ń bọ̀ díẹ̀díẹ̀ láti ìdí mọ́tò rẹ̀, ìrìn yẹn gan-an ni ìrìn egbére. Ọmọ́kẹ́mi a dúró sójú fèrèsé, a máa wò ó, a máa yà á.

Ó mú un lọ sí Beltsville. Wọ́n gbé aṣọ dúdú kan fún un tó fún mọ́ ara pinpin, wọ́n lẹ àwọn bọ́ọ̀lù funfun kéékèèké mọ́ gbogbo oríkèé rẹ̀, kí kámẹ́rà tó yí yàrá ká lè mọ bí eegun kọ̀ọ̀kan ṣe ń lọ. Ìyá náà fi igun ojú wo ara rẹ̀ nínú dígí, ó kọ́kọ́ yarí.

"Aṣọ tó fi gbogbo ìdí mi hàn yìí? Kẹ́mi, ṣé o ò ní jẹ́ kí wọ́n fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ báyìí?"

"Mummy, I promise. Wọn ò ní fi yín ṣe yẹ̀yẹ́ láéláé. Ẹ ṣáà rìn bí ẹ ṣe ń rìn tẹ́ ẹ bá ti work dé."

Babáwálé fúnra rẹ̀ ló bá a gbé àga wá, tó ń kí i, "Mummy, ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ ti di star." Ìyá náà rìn lọ, ó rìn bọ̀, ó ń rẹ́rìn-ín sábẹ́ ẹnu. Láti ọjọ́ náà kò sí ẹni tí kò sọ fún. Ó sọ fún àwọn nọ́ọ̀sì ẹgbẹ́ rẹ̀, ó sọ fún dókítà eyín, ó sọ fún gbogbo ẹgbẹ́ obìnrin ṣọ́ọ̀ṣì pé òun wà nínú fíìmù, pé ẹsẹ̀ òun ni wọ́n máa rí. Inú Babáwálé dùn sí ariwo ọ̀fẹ́ yìí, ó wá ṣèlérí pé lọ́jọ́ Sunday àwọn ìyá, lẹ́yìn ìsìn, òun á fi díẹ̀ lára fíìmù náà han ìjọ.

Ọjọ́ Sunday yẹn ló kù sí dẹ̀dẹ̀ nígbà tí Ọmọ́kẹ́mi rí ohun tó rí lára ògiri. Bí Jesse ṣe jáde báyìí, ó tẹ̀ lé Babáwálé wọ ọ́fíìsì rẹ̀, kò tilẹ̀ kanlẹ̀kùn.

"Ẹ̀gbọ́n, kí lẹ fi egbére mi ṣe?"

"Àbúrò mi, fara balẹ̀. Business ni. Àwọn tó fẹ́ ra fíìmù yìí ò fẹ́ ẹkún. Ọmọ America wo ló fẹ́ jókòó ti nǹkan tó ń sunkún?"

"Ẹ ti yọ ẹkún. Ẹ gba ẹní lọ́wọ́ egbére, kò burú, àwọn tó mọ̀ ọ́n á fi yín rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ màmá mi! Ẹ wà níbẹ̀. Ẹ̀yin lẹ gbé àga fún wọn!"

"Ta ló máa mọ̀ pé ẹsẹ̀ Mummy ni?"

"Gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì ló mọ̀! Dókítà eyín mọ̀!"

Kò bá àgbàlagbà sọ̀rọ̀ báyìí rí láyé rẹ̀. Inú tó ń bí i sì dùn mọ́ ọn lọ́nà kan tí kò mọ̀ tẹ́lẹ̀. Ó rán an létí òfin ilé iṣẹ́ wọn, tí Babáwálé fúnra rẹ̀ ṣe: ẹni tí wọ́n bá gba ìrìn rẹ̀ lè ní òun ò ṣe mọ́, kí wọ́n yọ òun kúrò, níwọ̀n ìgbà tí wọn kò bá tíì ta fíìmù náà.

"Ẹ yọ ẹsẹ̀ màmá mi, àbí kí n délé kí n sọ fún wọn, kí wọ́n gba ẹsẹ̀ wọn padà. Kí Jesse lọ fi ẹsẹ̀ ìyá tiẹ̀ máa só káàkiri."

Babáwálé ń wo fóònù rẹ̀. Ọmọ́kẹ́mi rò pé òun ti borí. Àṣé ẹni tó máa pè ló ń wá.

Ní ọ̀sán ọjọ́ Sátidé, agogo ẹnu ọ̀nà dún ní Fairwood. Ìyá rẹ̀ wà lókè, ó ń sùn, ó ti gba àyè níbi iṣẹ́ kó lè sinmi de ọjọ́ kejì. Ọmọ́kẹ́mi ti pinnu pé tó bá ti jí, tó bá ti jẹun, òun á jókòó tì í, òun á sọ gbogbo rẹ̀ fún un. Ó ṣílẹ̀kùn, ó rí Bàbá Ìjọ Sùnmọ́nù.

Kì í ṣe ẹni tí èèyàn lè dá dúró sẹ́nu ọ̀nà. Bàbá yìí ló wá pàdé wọn ní pápákọ̀ òfúrufú nígbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Ìbàdàn dé, tó kó kóòtù òtútù wá fún wọn. Òun ló kọ́ Ọmọ́kẹ́mi ní mọ́tò. Òun ló dúró bíi bàbá fún un lọ́jọ́ tó gboyè. Ó wọlé, ó kọ̀ láti jókòó, ó kọ̀ láti mu omi, Ọmọ́kẹ́mi sì ti mọ ohun tó bá wá.

"Wálé ti sọ fún mi. Ó ṣe àṣìṣe, ó ní òun ṣe àṣìṣe. Ṣùgbọ́n tí ìyá ẹ bá yarí lórí ọ̀rọ̀ yìí, àwọn tó fẹ́ rà á ń bọ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, gbogbo ohun tí ọmọkùnrin yẹn ní ló wà níbẹ̀. Má sọ fún un. Jẹ́ kí tọ̀la kọjá, tó bá rí i láàárín ìjọ, á kàn bá wọn rẹ́rìn-ín ni. Tí wọ́n bá ti tà á tán, wọ́n á tún un ṣe."

"Bàbá, tí wọ́n bá ti tà á, wọn ò ní í tún nǹkan kan ṣe mọ́, sà."

"Mo mọ̀ pé inú ń bí ẹ. Ó yẹ kó bí ẹ. Èmi ni mo ń bẹ̀ ẹ́."

Ó ṣí fìlà. Ó fi ọwọ́ kan di etí tábìlì mú, ó bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ orúnkún, pẹ̀lú orí funfun báláú, ó fẹ́ dọ̀bálẹ̀ fún un. Ẹ̀yin náà mọ ohun tí ìyẹn jẹ́. Ọmọ́kẹ́mi ti wà lórí ìkúnlẹ̀ kó tó mọ̀ pé òun kúnlẹ̀, ó di apá bàbá náà mú lọ́wọ́ méjèèjì.

"Ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀, sà! Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, sà! Ó ti tán, sà!"

"Ṣé ó ti tán?"

"Ó ti tán, sà."

"Ọlọ́run á bù kún ẹ. Ọmọ gidi ni ẹ́."

Ó dé fìlà rẹ̀, ó lọ. Ẹnu nìkan ló tán, inú kò tán. Ọmọ́kẹ́mi dúró sẹ́yìn ilẹ̀kùn, ó ń bú Babáwálé, ó ń bú Jesse, ó ń bú fìlà, ó ń bú orúnkún ara rẹ̀ tó yá ju ọpọlọ rẹ̀ lọ. Kí ló dé tí kò pariwo? Kí ló dé tí kò sá gòkè lọ jí ìyá rẹ̀? Ìbínú tó ṣe é bí ọkùnrin ní Beltsville, ẹyọ fìlà kan ló pa á.

Ìyá rẹ̀ yọ lórí àtẹ̀gùn, ó di igi ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ mú.

"Ohùn ta ni mo gbọ́?"

"Bàbá Ìjọ ni, Mà. Wọ́n ní àwọn kàn yà kí wa."

"O ò wá jí mi kí n kí wọn? Ó dáa. Ẹsẹ̀ mi ńkọ́? Ṣé ó ń rìn dáadáa nínú fíìmù yẹn?"

Ọmọ́kẹ́mi wò ó. Ó ti di irun tuntun sábẹ́ síkáàfù nítorí ọjọ́ kejì.

"Ó ń rìn dáadáa, Mà."

Lọ́jọ́ kejì, gbọ̀ngán ẹ̀yìn ṣọ́ọ̀ṣì kún fọ́fọ́. Wọ́n fẹ́ gbé Ọláídé síwájú, ó ní rárá, òun fẹ́ jókòó lẹ́yìn lẹ́bàá ilẹ̀kùn, níbi tí òun á ti lè na ẹsẹ̀. Ọmọ́kẹ́mi jókòó tì í. Babáwálé dúró níwájú nínú kóòtù, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn ìyá, ó dárúkọ Ọláídé, gbogbo èèyàn pàtẹ́wọ́. Lẹ́yìn náà wọ́n pa iná.

Nígbà tí egbére kọ́kọ́ yọ, ìyá náà rẹ́rìn-ín pẹ̀lú wọn. Ó ní, "Wo eyín rẹ̀!" Ó fi ìgbọ̀nwọ́ gbá ọmọ rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́. Egbére wá bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Orúnkún ta, ìdí fì, ó gbá igi kan ṣubú, ó só. Gbọ̀ngán náà bú sẹ́rìn-ín. Ó tún gbẹ́sẹ̀. Ó tún só. Àwọn ọmọdé ti ń fò lórí àga. Obìnrin kan tó jókòó láàárín wá yíjú sẹ́yìn, inú rẹ̀ ń dùn, kò ní ibi lọ́kàn, ó pariwo, "Màmá Kẹ́mi! Ẹsẹ̀ yín rèé o!"

Ẹ̀rín náà wá di ìlọ́po.

Ọláídé di ẹ̀yìn àga tó wà níwájú rẹ̀ mú, ó dìde. Ó bọ́ sí àárín gbọ̀ngán, ó ń lọ síwájú. Kò yára, kò lè yára. Orúnkún ọ̀tún kò ká, ìbàdí fì sí òsì, ó fi ọwọ́ di ẹ̀gbẹ́ mú, ó gbé báàgì sí abíyá. Àwọn tó wà lẹ́yìn ló kọ́kọ́ dákẹ́, nítorí àwọn ló kọ́kọ́ rí i. Bó ṣe ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga ni àga ń dákẹ́. Nígbà tó dé iwájú, kò ku ariwo kankan nínú gbọ̀ngán náà àfi egbére tó ṣì ń só lára ògiri, títí tí ẹnì kan fi rántí pa á tó sì tan iná.

Babáwálé ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja pẹ̀lú kóòtù rẹ̀.

"Mummy, ẹ má bínú. Mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín."

"O ní mo di star," ni Ọláídé wí.

"Mummy, Jesse ló ní ká..."

"Mi ò mọ Jesse. Ìwọ ni mo mọ̀. Ìwọ lo gbé àga fún mi."

Ẹ̀rù ba ọkùnrin náà, ẹni tí ẹ̀rù bá bà kì í mọ ohun tó yẹ kó fi sínú. Ó gbójú sókè láti ilẹ̀.

"Mà, a ti bẹ Kẹ́mi. Kẹ́mi ti gbà. Bàbá Ìjọ ló lọ bẹ̀ ẹ́ nílé lánàá, Kẹ́mi fúnra rẹ̀ ní ó ti tán. Ẹ bi Bàbá."

Gbogbo ojú yí padà sẹ́yìn. Ọmọ́kẹ́mi ti dìde, kò mọ ìgbà tó dìde.

"Kẹ́mi." Ìyá rẹ̀ kò pariwo. Ì bá sàn kó pariwo. "Ìwọ mọ̀?"

"Mo mọ̀, Mà."

"Wọ́n wá bẹ̀ ẹ́?"

"Bàbá Ìjọ fẹ́ dọ̀bálẹ̀ fún mi, Mà. Mi ò lè..."

"Ẹsẹ̀ ta ni?"

Ọmọ́kẹ́mi ń wo ilẹ̀.

"Mo ní, ẹsẹ̀ ta ni?"

"Ẹsẹ̀ yín ni, Mà."

"Ẹsẹ̀ mi. O wá bá mi gba ẹ̀bẹ̀ lórí ẹsẹ̀ mi, nínú ilé mi, tí mo ń sùn lókè. Mo bi ẹ́ pé ṣé ó ń rìn dáadáa."

Bàbá Ìjọ Sùnmọ́nù ti ń bọ̀ láti ẹ̀gbẹ́ kan, ọwọ́ rẹ̀ ti wà lórí fìlà. Ó ní, "Ọláídé, nítorí Ọlọ́run." Kò tíì sí ẹni tó dá bàbá yìí lóhùn bí Ọláídé ṣe dá a lóhùn lọ́jọ́ náà.

"Bàbá, ẹ dé fìlà yín. Ẹ má bẹ̀ mí. Ẹ lọ bẹ Kẹ́mi, òun ló máa ń gbà."

Ó bojú wo Babáwálé tó wà nílẹ̀. "Ìwọ, dìde, aṣọ ẹ ń dọ̀tí. Mi ò gbà. Kí ẹ yọ ẹsẹ̀ mi kúrò níbẹ̀ lọ́la."

"A ó yọ ọ́, Mà."

Ọmọ́kẹ́mi ló wa mọ́tò relé. Ẹ̀yìn ni ìyá rẹ̀ jókòó sí, bí ẹni tó wọ táksì. Ọmọ́kẹ́mi bẹ̀ ẹ́ nínú mọ́tò, ó bẹ̀ ẹ́ nígbà tí wọ́n dé ojúlé, ó ní òun á fi iṣẹ́ yẹn sílẹ̀, ó ní òun á lọ bú Babáwálé níwájú gbogbo ayé. Gbogbo ìbínú tó yẹ kó ti lò lánàá ló wá ń tú jáde, kò sì wúlò fún ẹnikẹ́ni mọ́.

Nínú ilé, ó na apá fún ìyá rẹ̀ ní ìsàlẹ̀ àtẹ̀gùn bó ṣe máa ń ṣe. Báyìí ni wọ́n ṣe máa ń gòkè, apá nínú apá.

"Fi mí sílẹ̀."

Ó fi í sílẹ̀. Ìyá náà di igi mú, ó bẹ̀rẹ̀ sí í gun àtẹ̀gùn lóun nìkan. Ọmọ́kẹ́mi mọ ìrìn yẹn ju bó ṣe mọ orúkọ ara rẹ̀ lọ. Ó mọ ibi tí orúnkún á ti kọ̀, ó mọ ibi tí ọwọ́ á ti lọ sí ẹ̀gbẹ́. Ó ti yà á láti iwájú, ó ti yà á láti ẹ̀yìn, ó ti yà á láti òkè. Lọ́jọ́ náà kò lè wò ó. Ó dojú kọ ògiri, ó ń gbọ́ ọ bó ṣe ń gòkè, tó ń dúró, tó ń mí, tó tún ń gòkè.

Ìyá rẹ̀ dé òkè. Ó dúró, ó di ilẹ̀kùn yàrá rẹ̀ mú.

"Gbogbo ọjọ́ tó o fi ń wò mí lójú fèrèsé yẹn, Kẹ́mi, tó ò ń ya ẹsẹ̀ yìí, o ò bi mí lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo pé ṣé ó ń dùn mí."

Ó wọlé, ó ti ilẹ̀kùn.